Ta ló gbé wọn débẹ̀? Ìbéèrè tó gba àmì-ẹ̀yẹ lórí ẹ̀jẹ̀ tó ṣàn lójú omi Ìlàjẹ

Ní àárọ̀ Ọjọ́bọ̀, ọjọ́ 28, oṣù karùn-ún, ọdún 1998, hẹlikópítà gbéra lọ sójú òkun tó wà níwájú ilẹ̀ Ìlàjẹ, ní ìpínlẹ̀ Oǹdó. Àwọn ọmọ ogun ojú omi àti mópòlù ló wà nínú rẹ̀. Ibi tí wọ́n ń lọ ni Parabe, pèpéle irin tí ilé-iṣẹ́ Chevron gbé kalẹ̀ sórí omi láti máa fa epo rọ̀bì. Kò pẹ́ tí wọ́n balẹ̀ tí ìbọn fi dún. Ọkùnrin 2, Jola Ogungbeje àti Aroleka Irowaninu, kú. Àwọn mìíràn fara gbọgbẹ́.

Ìjọba ológun ló wà lóde nígbà náà. Ọjọ́ 11 péré lẹ́yìn ìṣẹ̀lẹ̀ yìí ni Ọ̀gágun Sani Abacha, olórí orílẹ̀-èdè, kú lójijì, tí ọ̀rọ̀ ikú rẹ̀ sì gba ẹnu gbogbo ayé kan. Kí oṣù kan tó pé lẹ́yìn èyí, Olóyè M.K.O. Abíọ́lá náà ti dágbére fáyé. Nínú irú rúkèrúdò bẹ́ẹ̀, ta ni yóò ráyè bèèrè ọ̀rọ̀ ọmọ Ìlàjẹ 2 tí ìbọn pa lójú agbami?

Àwọn ará ilé wọn kò gbàgbé, àwọn ajàfẹ́tọ̀ọ́ ọmọ Nàìjíríà náà kò sì dákẹ́. Ṣùgbọ́n àwọn tó mú ọ̀rọ̀ náà dé etí àwọn ará Amẹ́ríkà, níbi tí olú ilé-iṣẹ́ Chevron wà, ni oníròyìn rédíò 2 kan: Amy Goodman àti Jeremy Scahill, tí wọ́n ń ṣe ètò "Democracy Now!" lórí rédíò Pacifica. Nínú ọdún 1998 kan náà ni wọ́n gbé ètò olóhùn gígùn jáde lórí ìṣẹ̀lẹ̀ yìí. Wọ́n pè é ní "Drilling and Killing". Ètò náà gba àmì-ẹ̀yẹ George Polk fún ọdún 1998, ọ̀kan nínú àwọn àmì-ẹ̀yẹ tí àwọn oníròyìn Amẹ́ríkà ń bọ̀wọ̀ fún jù lọ.

Ó ti lé ní ọdún 25 báyìí. Àmì-ẹ̀yẹ náà ṣì wà nínú ìwé ìtàn iṣẹ́ ìròyìn. Ṣùgbọ́n kí ló ṣe fún àwọn tí ìtàn náà ṣẹlẹ̀ sí? Ìbéèrè tó yẹ kí àwọn ará Òkìtìpupa àti gbogbo àgbègbè rẹ̀ yẹ̀ wò nìyẹn, nítorí ọ̀rọ̀ náà kò tíì tán nílẹ̀.

Omi kan náà, ọjà kan náà

Àwọn kan lè sọ pé kí ló kan Ìkálẹ̀ nínú ọ̀rọ̀ Ìlàjẹ. Ẹ̀yin àgbà tó gbọ́njú láyé òyìnbó kò ní bèèrè bẹ́ẹ̀. Ẹ mọ̀ pé Òkìtìpupa Division ni orúkọ tó kó gbogbo wọn pọ̀ nígbà náà: Ìkálẹ̀, Ìlàjẹ, Àpọ́ì àti àwọn Ijaw Àrògbò. Òkìtìpupa ni wọ́n ti ń gba ìwé àṣẹ, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń ṣẹjọ́. Lónìí tí wọ́n ti pín wọn sí ìjọba ìbílẹ̀ Òkìtìpupa, Ìrèlè, Ìlàjẹ àti Èsè-Odò, ìpínyà náà kò ju orí ìwé lọ. Ẹ̀gẹ́ oko Ìkálẹ̀ ni wọ́n fi ń ṣe gaàrí àti pupuru tí ará etí òkun ń jẹ. Ẹja tí wọ́n sọ̀ kalẹ̀ ní Igbókòdá ló ń gun ọ̀nà wá sí ọjà Òkìtìpupa. Bí omi bá bàjẹ́ ní ìsàlẹ̀ lọ́hùn-ún, kì í pẹ́ kí ìkòkò ọbẹ̀ nílẹ̀ Ìkálẹ̀ tó gbọ́.

Omi tó bàjẹ́ gan-an ló sì dá wàhálà Parabe sílẹ̀. Àwọn ará Ìlàjẹ ní ojú omi tí àwọn ilé-iṣẹ́ epo là láti fi gbé ẹ̀rọ wọn kọjá ló ṣí ilẹ̀kùn fún òkun. Omi iyọ̀ wọlé sínú omi tútù. Ẹja kú, igi gbẹ, omi mímu di ohun tí wọ́n ń wá kiri, òkun sì ń jẹ ilẹ̀ lọ sókè. Ẹgbẹ́ kan tó pe ara rẹ̀ ní Concerned Ilaje Citizens, tó sọ̀rọ̀ lórúkọ ìletò 42, gbé ẹ̀dùn ọkàn wọn lọ bá Chevron. Wọ́n fẹ́ iṣẹ́ fún àwọn ọ̀dọ́, wọ́n fẹ́ owó gbà-má-bínú, wọ́n sì fẹ́ kí àwọn ọ̀gá wá fojú rinjú pẹ̀lú wọn. Nígbà tí wọn kò rí èsì tó tẹ́ wọn lọ́rùn, àwọn ọkùnrin tó lé ní 100 wọ ọkọ̀ ojú omi lọ́jọ́ Ajé, ọjọ́ 25, oṣù karùn-ún, wọ́n sì lọ jókòó sórí Parabe àti ọkọ̀ ńlá tó so mọ́ ọn.

Láti ibẹ̀ ni ọ̀nà ti pín sí méjì. Àwọn tó lọ fi ẹ̀hónú hàn ní àwọn kò mú ohun ìjà kankan dání. Wọ́n ní ìpàdé ti wáyé pẹ̀lú àwọn àgbà nílé, àdéhùn ti wà, àti pé Ọjọ́bọ̀ náà gan-an ni àwọn fẹ́ kúrò níbẹ̀ tí hẹlikópítà fi yọ. Chevron ní tirẹ̀ ní àwọn òṣìṣẹ́ òun ni wọ́n há mọ́ ojú omi, tí wọ́n sì ń bèèrè owó kí wọ́n tó fi wọ́n sílẹ̀. Ilé-iṣẹ́ náà ní nígbà tí àwọn kan fẹ́ já ìbọn gbà lọ́wọ́ àwọn ọmọ ogun ni wọ́n tó yìnbọn. Oníkálukú ló di ọ̀rọ̀ tirẹ̀ mú, wọn kò sì jọ pàdé títí di òní.

Ìbéèrè 3

Bí ọ̀rọ̀ bá ti rí báyìí, ohun tí oníròyìn ọ̀lẹ máa ń ṣe ni pé yóò kọ tọ̀tún, yóò kọ tòsì, yóò sì gba ilé lọ. Iṣẹ́ tó ń gba àmì-ẹ̀yẹ ìwádìí kì í dúró níbẹ̀. Dókúmẹ́ńtárì ni wọ́n ń pe irú ètò bẹ́ẹ̀, ìbáà jẹ́ ti rédíò tàbí ti fíìmù. Kì í ṣe eré oníṣe. Kò sí ẹni tó kọ́ ọ̀rọ̀ sórí wá wí. Àwọn tí ọ̀rọ̀ ṣẹlẹ̀ sí ló ń sọ ọ́ fúnra wọn, níbi tó ti ṣẹlẹ̀, oníròyìn yóò sì wá ìwé àti ẹlẹ́rìí láti mọ èyí tó jẹ́ òótọ́ nínú ohun tí wọ́n sọ.

Goodman kì í ṣe ẹni tí ìbọn ṣàjèjì sí. Ní ọdún 1991, ó wà ní ìlú Dili ní East Timor nígbà tí àwọn ọmọ ogun Indonesia yìnbọn lu èrò níbi ìsìnkú, tí wọ́n sì na òun àti oníròyìn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀. Scahill ní tirẹ̀ kò tíì pé ọmọ ọdún 25 nígbà tí wọ́n ń ṣe iṣẹ́ Parabe yìí. Wọ́n wá sí Nàìjíríà, wọ́n gba ohùn àwọn tó wà níbẹ̀ sílẹ̀. Ẹ̀yìn èyí ni wọ́n wá lọ bá Chevron Nàìjíríà fúnra rẹ̀, wọ́n sì gbé ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ síwájú Sola Omole, ọ̀gá tó ń bójú tó ọ̀rọ̀ ìròyìn àti aráàlú fún ilé-iṣẹ́ náà.

Wọ́n bi í pé ta ló gbé àwọn ọmọ ogun lọ sí Parabe láàárọ̀ Ọjọ́bọ̀. Ó ní Chevron ni. Wọ́n bi í pé kí ni wọ́n fi gbé wọn. Ó ní hẹlikópítà ni. Wọ́n bi í pé ta ló fọwọ́ sí i pé kí wọ́n pe àwọn ológun. Ó ní àwọn aláṣẹ Chevron ni.

Ó tán. Ọmọ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ lè bèèrè irú ìbéèrè bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká wò ó dáadáa. Kò sí ọ̀kan nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tó jẹ́ ẹ̀sùn. Wọn kò bi í pé kí ló dé tí ẹ fi pa ọmọ ọlọ́mọ. Bí wọ́n bá bi í bẹ́ẹ̀, ìwé tí àwọn lọ́yà ti tò sílẹ̀ ni irú ẹni bẹ́ẹ̀ yóò gbé jáde, yóò kà á, ìpàdé yóò sì tú ká. Ohun tí ojú rí tí ọwọ́ sì lè tọ́ka sí ni wọ́n bèèrè: ta ni, kí ni, ta ló fàṣẹ sí i. Ẹni tí wọ́n bi sì dáhùn. Ó tọ́ ká sọ èyí fún Omole pẹ̀lú: ó lè dákẹ́, ó lè ní òun kò mọ̀, kò ṣe bẹ́ẹ̀.

Àwọn àgbà ló ní lẹ́nu oníkàn la ti ń gbọ́ pọ̀ún. Ìwé ìròyìn lè kọ ọ́ pé lágbájá sọ báyìí, kí lágbájá jí lọ́la kó ní wọ́n ṣi òun gbọ́ ni. Àwọn ọ̀gá nílẹ̀ wa mọ èyí ṣe dáadáa, kò sí ọ̀sẹ̀ tí ọ̀kan nínú wọn kì í sọ pé oníròyìn yí ọ̀rọ̀ òun po. Ṣùgbọ́n bí ohùn ẹni bá ti wọ inú kásẹ́ẹ̀tì, tí aráyé gbọ́ ọ bó ṣe ń jáde lẹ́nu rẹ̀, ibi tí yóò gbà yọ kò sí mọ́. Ìdí nìyí tí ètò rédíò àti fíìmù fi ní agbára tí ìwé nìkan kò ní.

Láti ọjọ́ yẹn, kò sí ẹni tó tún jiyàn mọ́ lórí bí àwọn ọmọ ogun ṣe dé Parabe. Nígbà tí ẹgbẹ́ ajàfẹ́tọ̀ọ́ Human Rights Watch gbé ìwé ńlá jáde ní oṣù kìíní ọdún 1999 lórí epo rọ̀bì àti ìyà ní Niger Delta, ọ̀rọ̀ Parabe wà nínú rẹ̀.

Àmì-ẹ̀yẹ tí wọ́n gbà àti èyí tí wọ́n kọ̀

George Polk tí wọ́n fi orúkọ rẹ̀ sọ àmì-ẹ̀yẹ yìí jẹ́ oníròyìn ilé-iṣẹ́ rédíò CBS. Ní oṣù karùn-ún ọdún 1948, nígbà tí ogun abẹ́lé ń lọ ní orílẹ̀-èdè Gíríìsì, wọ́n rí òkú rẹ̀ nínú omi ní ìlú Salonika. Wọ́n ti pa á. Ìròyìn ogun náà ló lọ kó jọ. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e ni Yunifásítì Long Island ní New York dá àmì-ẹ̀yẹ sílẹ̀ ní ìrántí rẹ̀, fún àwọn tó bá tú àṣírí tí alágbára fẹ́ bò mọ́lẹ̀.

Ẹgbẹ́ oníròyìn mìíràn, Overseas Press Club, náà fẹ́ bu ọlá fún Goodman àti Scahill ní ọdún 1999 lórí iṣẹ́ Parabe kan náà. Àwọn méjèèjì lọ síbi àsè náà. Aṣojú ìjọba Amẹ́ríkà, Richard Holbrooke, ni olùbánisọ̀rọ̀. Àkókò náà sì ni Amẹ́ríkà àti àwọn alájọṣe rẹ̀ ń ju bọ́m̀bù sí Yugoslavia. Àdéhùn ti wà pé kò sí ẹni tó gbọ́dọ̀ bi Holbrooke ní ìbéèrè. Àwọn oníròyìn jókòó, wọ́n jẹun, wọ́n pàtẹ́wọ́. Goodman àti Scahill ní àwọn kò gba àmì-ẹ̀yẹ lọ́wọ́ ẹgbẹ́ oníròyìn tó jẹ́jẹ̀ẹ́ láti má bèèrè ìbéèrè.

Ní ilẹ̀ wa níbí, níbi tí wọ́n ti ń pín àmì-ẹ̀yẹ bíi ike òde ìsìnkú, tí àwọn mìíràn tilẹ̀ ń sanwó kí wọ́n tó gbà á, irú ìwà bẹ́ẹ̀ lè dà bíi wèrè.

Àwọn tó ni ìtàn

Ní ọdún 1999, àwọn tó fara gbọgbẹ́ lórí Parabe àti ẹbí àwọn tó kú gbé Chevron lọ sílé ẹjọ́ ìjọba àpapọ̀ ní ìlú San Francisco ní Amẹ́ríkà. Orúkọ Larry Bowoto, ọ̀kan nínú àwọn tí ìbọn bà, ni wọ́n fi pe ẹjọ́ náà: Bowoto àti Chevron. Òfin tí wọ́n gbára lé ti wà láti ọdún 1789, èyí tó fún àjèjì láàyè láti pẹjọ́ ní Amẹ́ríkà bí ẹnì kan bá hùwà tó lòdì sí òfin àwọn orílẹ̀-èdè sí i.

Ẹjọ́ náà falẹ̀. Ọdún 9 ló gbà kí ìgbẹ́jọ́ tó bẹ̀rẹ̀ gan-an, ní oṣù kẹwàá ọdún 2008, níwájú Adájọ́ Susan Illston. Àwọn ará Ìlàjẹ wọ ọkọ̀ òfuurufú lọ sọ tẹnu wọn ní ilẹ̀ tí òtútù ti ń mú, fún àwọn ìgbìmọ̀ onídàájọ́ 9 tí wọn kò rí odò Ìlàjẹ rí. Pé Chevron ló pe àwọn ọmọ ogun tó sì gbé wọn débẹ̀ kọ́ ni àríyànjiyàn tó wà nílẹ̀. Ohun tí wọ́n ń jà lé lórí ni bóyá ẹ̀bi ohun tí àwọn ọmọ ogun ṣe nígbà tí wọ́n débẹ̀ wà lọ́rùn ilé-iṣẹ́ náà.

Ní ọjọ́ 1, oṣù kejìlá, ọdún 2008, ìgbìmọ̀ náà fẹnu kò: Chevron kò jẹ̀bi. Àwọn olùpẹ̀jọ́ gbé e lọ sílé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn, ilé ẹjọ́ náà sì fọwọ́ sí ìdájọ́ àkọ́kọ́ ní ọdún 2010. Kí ó tó di ìgbà yẹn, Chevron ti bèèrè pé kí àwọn ará Ìlàjẹ san owó tí òun ná lórí ẹjọ́, tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó dọ́là 500,000. Adájọ́ Illston kò gbà. Ó wo agbára ilé-iṣẹ́ ńlá, ó wo agbára àwọn ará abúlé, ó ní kí oníkálukú gbé tirẹ̀.

Báyìí ni àwọn tó sọ ìtàn ṣe gba àmì-ẹ̀yẹ, tí àwọn tó ni ìtàn kò sì gba kọ́bọ̀. Ọ̀rọ̀ náà korò, kò sì yẹ ká fi ṣúgà sí i. Àwọn tó ń fi ọkàn tán ìròyìn jù nílò láti gbọ́ ọ: àmì-ẹ̀yẹ kì í ṣe ìdájọ́. Ohun tí oníròyìn fi ń mọ òótọ́ yàtọ̀ sí ohun tí ilé ẹjọ́ fi ń dá ẹ̀bi. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká rò ó pé kò sí ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ lọ́jọ́ tí Omole sọ̀rọ̀. Ọ̀rọ̀ iye ọdún melòó ni ì bá lọ lórí ta ló gbé wọn débẹ̀ nìkan? Ìran tó ń bọ̀ ní Ìlàjẹ kò ní bẹ̀rẹ̀ ìtàn yìí láti orí "wọ́n ní, wọ́n ní". Ohun kan wà nílẹ̀ tí wọ́n lè tẹ́tí sí.

Ti ilé wa

Nàìjíríà náà ní àmì-ẹ̀yẹ tirẹ̀ báyìí. Ní ọdún 2005 ni Dàpọ̀ Ọlọ́runyọmí, ògbóǹtarìgì oníròyìn tó padà dá ìwé ìròyìn Premium Times sílẹ̀, bẹ̀rẹ̀ àmì-ẹ̀yẹ ìròyìn aṣèwádìí tí wọ́n wá fi orúkọ Ọ̀jọ̀gbọ́n Wọlé Ṣóyínká pè. Nínú oṣù kejìlá ni wọ́n máa ń fi fúnni, nítòsí ọjọ́ tí àgbáyé yà sọ́tọ̀ fún ìgbógunti ìwà ìbàjẹ́ àti ọjọ́ ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn. Ti ìwé ìròyìn wà níbẹ̀, ti rédíò wà, ti tẹlifíṣọ̀n wà, títí dé àwòrán ẹ̀fẹ̀.

Ruona Meyer jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn tó ti gbà á. Ọmọ Godwin Agbroko ni, oníròyìn tí àwọn apànìyàn yìnbọn pa ní Èkó ní oṣù kejìlá ọdún 2006. Iṣẹ́ tó pa bàbá ni ọmọ tún gbé. Ní ọdún 2018, ó ṣe fíìmù kan fún ẹ̀ka BBC tó ń ṣèwádìí nílẹ̀ Áfíríkà, lórí bí àwọn ọ̀dọ́ ṣe sọ oògùn ikọ́ olómi tó ní codeine nínú di ọtí. Àwọn tó ń ta á lábẹ́lẹ̀ láti ilé-iṣẹ́ tó ń ṣe é ni kámẹ́rà ìkọ̀kọ̀ ká. Kò tó ọjọ́ 2 tí fíìmù náà jáde tí ìjọba àpapọ̀ fi kéde pé wọn kò gbọ́dọ̀ ṣe irú oògùn ikọ́ bẹ́ẹ̀ mọ́, wọn kò sì gbọdọ̀ kó o wọlé. Lọ́dún 2019, fíìmù náà wà lára àwọn tí wọ́n dárúkọ fún àmì-ẹ̀yẹ Emmy ti àgbáyé.

Ní oṣù kẹwàá ọdún 2019 kan náà ni Kiki Mordi àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ gbé fíìmù mìíràn jáde, lórí àwọn olùkọ́ yunifásítì tó ń fi máàkì bá akẹ́kọ̀ọ́bìnrin dúnàádúrà. Yunifásítì Èkó ní kí olùkọ́ tí kámẹ́rà ká lọ rọ́kún nílé ná, nígbà tó sì di ọdún 2021, wọ́n lé e lẹ́nu iṣẹ́. Ilé Ìgbìmọ̀ Aṣòfin Àgbà náà jí sí àbádòfin lórí ọ̀rọ̀ yìí, wọ́n sì fọwọ́ sí i ní ọdún 2020.

Kí ló dé tí codeine rí ìdáhùn láàárín ọjọ́ 2, tí Parabe kò rí i ní ọdún 10? Ó lè jẹ́ pé ọ̀rọ̀ oògùn wà ní gbogbo ìgboro, ti ojú omi sì jìnnà sí ojú àwọn tó ń ṣe òfin. Ó sì lè jẹ́ pé epo rọ̀bì ni owó oṣù ìjọba, oògùn ikọ́ kì í ṣe bẹ́ẹ̀.

Iná tí kò kú, iná tí kò tàn

Àwọn ohun tó yẹ kí kámẹ́rà lọ wò kò tán ní gúúsù ìpínlẹ̀ Oǹdó. Ní ọdún 2020, kànga epo kan tí wọ́n ń pè ní Ororo-1, tó wà lójú omi nítòsí Àwóyè ní Ìlàjẹ, bú gbàmù, iná sọ. Ọdún ń gorí ọdún, iná náà ń jó lórí omi. Ní Ayétòrò, ìlú tí àwọn Ìjọ Àpọ́sítélì Mímọ́ tẹ̀ dó ní ọdún 1947, tó ní iná mànàmáná àti ilé-iṣẹ́ tirẹ̀ nígbà tí ọ̀pọ̀ ìlú ńlá ń tan àtùpà, òkun ti gbé òpópónà àti ilé mì. NDDC gbé iṣẹ́ ìdènà òkun náà fún agbaṣẹ́ṣe ní ọdún 2004, wọ́n tún gbé e fún òmíràn ní ọdún 2009. Òkun kò mọ̀ pé wọ́n gbé iṣẹ́ kankan jáde.

Ní ilẹ̀ Ìkálẹ̀ fúnra rẹ̀, ohun tó ń bèèrè fún fíìmù kò sí lójú omi. Ó wà lẹ́bàá ọ̀nà márosẹ̀ Ọ̀rẹ̀ sí Benin. Ilé-iṣẹ́ amúnáwá Ọmọtọ́ọ̀ṣọ́ wà nínú ìjọba ìbílẹ̀ Òkìtìpupa. Ààrẹ Olúṣẹ́gun Ọbásanjọ́ ló ṣí ìpín rẹ̀ àkọ́kọ́ ní ọdún 2007, nígbà tí Ọ̀mọ̀wé Olúṣẹ́gun Àgágú, ọmọ Ìjù-Odò ní ilẹ̀ Ìkálẹ̀, jẹ́ gómìnà. Mẹ́gáwáàtì 335 ni agbára ìpín yẹn nìkan, wọ́n sì tún kọ́ èkejì tì í. Síbẹ̀, ọ̀pọ̀ ọdún ni Òkìtìpupa, Ìrèlè, Ìlàjẹ àti Èsè-Odò fi wà nínú òkùnkùn biribiri lẹ́yìn tí wọ́n já wọn kúrò lójú wáyà. Iná ń tinú ilé wọn jáde lọ tàn fún ará òde. Abẹ́rẹ́ kò rọ ní ṣọ́ọ̀bù télọ̀ àfi bí jẹnẹrétọ̀ bá dún. Ẹni tó ń lọ ẹ̀gẹ́, ẹni tó ń ta ẹja tútù, ẹni tó ń gẹ irun, gbogbo wọn ló ń sanwó epo. Nígbà tó di ọdún 2024 ni NDDC tó ṣí ilé iná alágbára 132/33kV ní Òde-Èrínjẹ, èyí tí wáyà rẹ̀ ti Ọmọtọ́ọ̀ṣọ́ wá.

Ọdún 17 ló wà láàárín ìṣílé méjèèjì. Nínú ọdún 17 yẹn, ọmọ tí wọ́n bí ní Òkìtìpupa lọ́dún tí Ọbásanjọ́ wá ti parí ilé-ìwé girama, ó sì ti tó ẹni tó lè gbé fóònù tó ní kámẹ́rà dání.

Kò rọrùn o. Àwọn oníròyìn nílẹ̀ yìí ti sùn látìmọ́lé lórí òfin ìwà ọ̀daràn orí ẹ̀rọ ayélujára ti ọdún 2015, kí wọ́n tó tún un ṣe ní ọdún 2024. Ṣùgbọ́n irinṣẹ́ kan wà lọ́wọ́ aráàlú báyìí tí Goodman àti Scahill kò ní lọ́dún 1998. Ààrẹ Goodluck Jonathan fọwọ́ sí òfin tó fún gbogbo ènìyàn ní ẹ̀tọ́ láti bèèrè ìwé ìjọba, ní ọjọ́ 28, oṣù karùn-ún, ọdún 2011. Ọdún 13 géérégé ni ọjọ́ náà pé sí ọjọ́ Parabe, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò dájú pé ẹnikẹ́ni ní Abuja rántí. Àwọn ìpínlẹ̀ kan ní òfin náà kò dé ọ̀dọ̀ àwọn. Ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ní Àkúrẹ́ ní irọ́ ni, nínú ẹjọ́ tó kan Ilé Ìgbìmọ̀ Aṣòfin ìpínlẹ̀ Oǹdó ní ọdún 2018. Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ náà ní ọdún 2025 sọ nínú ẹjọ́ mìíràn tó wá láti ìpínlẹ̀ Edo pé òfin náà de gbogbo ìpínlẹ̀ pátá.

Kò kan lọ́yà, kò sì kan oníròyìn nìkan. Baálé ilé lè kọ ọ́, olórí ẹgbẹ́ àwọn ọlọ́jà lè kọ ọ́, kò sì pọn dandan kó sọ ìdí tó fi fẹ́ mọ̀. Ta ló já àgbègbè Òkìtìpupa kúrò lójú wáyà? Kí ni wọ́n kọ sínú ìwé lọ́jọ́ náà? Ta ló fọwọ́ sí i? Ojú ewé kan ti tó ìbéèrè mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Ọjọ́ 7 ni òfin sì fún iléeṣẹ́ ìjọba tí wọ́n bá fi ránṣẹ́ sí láti fèsì.